Omu Okwei: Àlejò Tí Ó Di Ìyálọ́jà Létí Odò Ọya

Nígbàkigbà tí a bá ń sọ̀rọ̀ nípa ọrọ̀ àti bí ó ti yẹ kí ọmọ ènìyàn lò ó, ìbéèrè kan wà tí kì í ṣaláì jẹyọ. Ẹni tí ó fi òógùn ojú ara rẹ̀ kó ọrọ̀ jọ ní ìlú tí kì í ṣe tirẹ̀, kí ni ó jẹ àwọn tí ó bá níbẹ̀? Ǹjẹ́ ó tó pé kí ó ta ojúlówó ọjà fún wọn, kí ó sì san gbèsè rẹ̀, àbí ohun mìíràn tún kù tí ó gbọ́dọ̀ ṣe? A kò fẹ́ fi òwe nìkan dáhùn ìbéèrè yìí lónìí. Ìtàn obìnrin kan ni a mú wá fún yín, obìnrin tí ó ti ìlú kékeré kan dé Onitsha, tí ó fi iṣu àti adìyẹ bẹ̀rẹ̀ òwò, tí ó sì kú gẹ́gẹ́ bí ọ̀kan nínú àwọn ọlọ́rọ̀ ńlá etí Odò Ọya. Okwei ni orúkọ rẹ̀. Omu Okwei ni ìtàn mọ̀ ọ́n sí.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo ìlú náà. Onitsha wà ní bèbè ìlà-oòrùn Odò Ọya, ní Ìpínlẹ̀ Anambra òde òní. Asaba ni ó kọjú sí i ní òdì kejì omi. Àwa ọmọ Yorùbá kì í ṣe àjèjì sí ìtàn ibẹ̀. Ní oṣù Keje ọdún 1857, Samuel Àjàyí Crowther, ọmọ bíbí Òṣogùn, ni ó kó àwọn oníwàásù ìjọ CMS gúnlẹ̀ síbẹ̀, tí ó sì fi John Christopher Taylor, ẹni tí àwọn òbí rẹ̀ jẹ́ Ìgbò, sílẹ̀ láti máa bójú tó iṣẹ́ náà. Nígbà tí Fadá Joseph Lutz àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ nínú Ẹgbẹ́ Ẹ̀mí Mímọ́ dé ní ọdún 1885, Crowther kan náà, tí ó ti di bíṣọ́ọ̀bù nígbà náà, ni ó yọ̀ǹda ilẹ̀ fún wọn nínú èyí tí òun fúnra rẹ̀ ti gbà. Àlejò ni ó fún àlejò ní ilẹ̀. Bí ìlú náà ti rí nìyẹn. Àwọn onílẹ̀ ibẹ̀ pàápàá a máa sọ pé láti ọ̀nà Benin ni àwọn baba ńlá àwọn ti wá. Àwọn Ìgalà ń ti òkè odò wá sí ọjà rẹ̀, àwọn Ìjọ̀ ń gbé iyọ̀ àti ẹja gbígbẹ bọ̀ láti ìsàlẹ̀, àwọn Ìgbò àárín ilẹ̀ sì ń ru iṣu àti epo wá. Ọ̀nà kan kò wọ ọjà, àwọn àgbà wí. Ọjà Onitsha jẹ́rìí sí i.

Ní ọdún 1872 ni a bí Okwei ní Osomari, ìlú kan tí ó wà létí Odò Ọya kan náà, ní ìsàlẹ̀ Onitsha. Osuna Afubeho ni orúkọ baba rẹ̀, ọmọ ìdílé ọba ni. Ìyá Okwei sì jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn aya púpọ̀ tí ó fẹ́. Ọmọ ọba ni a pè é lóòótọ́, ṣùgbọ́n ní ilé olórogún, ìyá kọ̀ọ̀kan ni ó ń wá ọ̀nà tí ọmọ tirẹ̀ yóò fi jẹun. Nígbà tí ọmọ náà pé ọdún 9, a fi í ránṣẹ́ sí ọ̀dọ̀ ìbátan ìyá rẹ̀ kan ní ilẹ̀ Ìgalà kí ó lọ kọ́ òwò ṣíṣe. Ọdún 4 ni ó lò níbẹ̀. Èso, ẹ̀fọ́, iṣu àti adìyẹ ni ó ń tà. Bí a bá wo ọjà náà, a óò sọ pé kò tó nǹkan. Ṣùgbọ́n ohun tí ó mú bọ̀ wálé kọjá èrè orí igbá. Ó ti gbọ́ èdè Ìgalà, ó mọ ohun tí ó wọ́n ní òkè odò tí ó sì pọ̀ ní ìsàlẹ̀, ó sì mọ ojú àwọn tí ń tà àti àwọn tí ń rà. Ìmọ̀ yìí ni owó tí ó kọ́kọ́ ní.

Lẹ́yìn ikú baba rẹ̀, ó ń gbé lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀ ní Atani, ìlú mìíràn létí odò. Ní ọdún 1889, ó fẹ́ Joseph Allagoa, oníṣòwò kan tí ó ti Brass wá. Àwọn ẹbí rẹ̀ kò fọwọ́ sí i. Ojú àjèjì tí kò ní gbòǹgbò láàárín wọn ni wọ́n fi wo ọkùnrin náà, wọn kò sì fún ọmọbìnrin wọn ní ẹrù kankan tí yóò gbé lọ ilé ọkọ. Òun ni ó gba ẹ̀gàn, òun ni ó sì gba òṣì tí ó tẹ̀lé e. Wọ́n bí ọmọkùnrin kan ní ọdún 1890, wọ́n sì sọ ọ́ ní Joseph. Láìpẹ́ ìgbéyàwó náà tú ká. Síbẹ̀, kò jáde lọ́wọ́ òfo. Àwọn ará Brass ti ń bá òyìnbó ṣòwò láti ìran dé ìran, wọ́n sì mọ ètekéte àwọn ilé-iṣẹ́ òkè òkun. Nípasẹ̀ ọkọ yìí ni Okwei fi mọ ẹni tí a ń bá sọ̀rọ̀ àti bí a ti ń bá a sọ ọ́.

Ó yẹ kí a sọ bí ayé òwò ti rí nígbà náà. Ní ọdún 1886, ìjọba Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fún ilé-iṣẹ́ Royal Niger Company ní ìwé àṣẹ láti máa ṣàkóso gbogbo etí odò náà. Ilé-iṣẹ́ yìí ń gba owó orí, ó ń gba owó ibodè, ó sì ń dí ẹnikẹ́ni tí kò bá gba àṣẹ rẹ̀ lọ́wọ́ láti tajà. Ó le débi pé àwọn ará Brass gbógun ti ibùdó rẹ̀ ní Akassa ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1895, nítorí pé ebi fẹ́ pa wọ́n ní orí odò tí àwọn baba wọn ti ń jẹun. Nígbà tí ọdún 1900 bẹ̀rẹ̀, ìjọba ti gba àṣẹ ìṣàkóso kúrò lọ́wọ́ ilé-iṣẹ́ náà, ṣùgbọ́n ọjà ṣì wà ní ìkáwọ́ rẹ̀. Ẹni tí yóò bá là ní etí odò ní láti bá a rìn, kí ó má sì jẹ́ kí ó gbé òun mì.

Ní ọdún 1895 yẹn gan-an ni Okwei fẹ́ ọkọ rẹ̀ kejì, Opene, ọmọ Aboh. Ní ọdún 1896 wọ́n bí ọmọkùnrin kan, Peter. Ìyá ọkọ rẹ̀, Okwenu Ezewene, jẹ́ oníṣòwò tí ó rí ṣe gan-an, obìnrin yìí ni ó sì tún fa ìyàwó ọmọ rẹ̀ wọ inú òwò ńlá. Okwei ń kó oúnjẹ lọ fún àwọn òyìnbó, ó ń gba ìkòkò, àtùpà, ìṣáná, tábà àti aṣọ ní pàṣípààrọ̀, ó sì ń tà wọ́n fún àwọn ará ìlú. Ní ọdún 1904, ó di aṣojú Niger Company, Onitsha sì di ibùdó rẹ̀.

Kí ni iṣẹ́ aṣojú bẹ́ẹ̀? Ẹ jẹ́ kí a ṣàlàyé rẹ̀, nítorí ibẹ̀ ni àṣírí ọrọ̀ rẹ̀ wà. Òyìnbó fẹ́ epo pupa àti ẹkùrọ́ púpọ̀ láti kó lọ sí ìlú rẹ̀ fún ọṣẹ àti bọ́tà. Ṣùgbọ́n obìnrin abúlé tí ó ń fún epo kò ní ju kèrègbè kan tàbí méjì lọ. Òyìnbó kò gbọ́ èdè rẹ̀, kò sì lè lọ dúró sí ẹgbẹ̀rún ẹnu ọ̀nà. Obìnrin náà pẹ̀lú kò fẹ́ odidi àpótí ìṣáná. Páálí kan ni ó ń fẹ́, ewé tábà díẹ̀, àti aṣọ tí ó tó ìró kan. Ẹni tí ó wà láàárín ni yóò kó kèrègbè jọ di àgbá, tí yóò sì tú àpótí ká di páálí. Ilé-iṣẹ́ á kó ọjà fún un láwìn, òun náà á sì tú u láwìn fún àwọn alárọ́bọ̀ tí ó wà lábẹ́ rẹ̀. Bí ìkan nínú wọn bá sá lọ, ọrùn rẹ̀ ni gbèsè náà wà. Nítorí náà, ìgbẹ́kẹ̀lé gan-an ni ọjà tí Okwei ń tà. Òyìnbó gbà pé yóò san, àwọn obìnrin gbà pé kò ní rẹ́ àwọn jẹ ní òṣùwọ̀n, ó sì di afárá láàárín ìhà méjèèjì.

Bí orúkọ rẹ̀ ti ń dàgbà, ìjọba náà bẹ̀rẹ̀ sí í rí i. Ní ọdún 1912, wọ́n yàn án sí ìgbìmọ̀ kóòtù ìbílẹ̀ ní Onitsha. Ẹ má ṣe fojú kékeré wo èyí. Ọkùnrin ni àwọn òyìnbó ń wá nígbà tí wọ́n bá ń yan olóyè àti adájọ́ ìbílẹ̀ ní ilẹ̀ Ìgbò. Wọn kò ka àwọn obìnrin tí ń ṣàkóso ọjà àti àdúgbò sí. Àìkanisí yìí wà lára ohun tí ó bí ìjà àwọn obìnrin ní Aba àti agbègbè rẹ̀ ní ọdún 1929, nígbà tí ọ̀rọ̀ owó orí mú wọn tú jáde. Okwei, ọmọ Osomari, jókòó níbi tí a ti ń dá ẹjọ́ ọmọ Onitsha. Àlejò kì í sábà rí irú àga bẹ́ẹ̀.

Ẹ̀yin ará, bí a bá dá ìtàn náà dúró síbí yìí, inú gbogbo wa yóò dùn, a óò sì lọ sílé. Ṣùgbọ́n ìtàn tí a gé ní ibi tí ó dùn kì í ṣe ìtàn. Felicia Ekejiuba, ọ̀mọ̀wé obìnrin tí ó ṣe ìwádìí ìgbésí ayé Okwei tí ó sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní ọdún 1967, kò fi apá kejì pamọ́, àwa náà kò ní fi í pamọ́.

Okwei a máa yáni lówó, a sì máa tajà láwìn. Àwọn tí wọn kò rí owó san a máa fi ọmọbìnrin wọn sílẹ̀ lọ́dọ̀ rẹ̀. A kò níláti ṣàlàyé púpọ̀ fún Yorùbá, nítorí a mọ ìwọ̀fà. Àwọn baba wa náà fi ọmọ ṣe ìwọ̀fà. Iṣẹ́ tí ọmọ ń ṣe fún olówó ni èlé, owó orí rẹ̀ yóò sì wà níbẹ̀ títí di ọjọ́ tí a bá san án. Okwei ń tọ́ àwọn ọmọbìnrin wọ̀nyí, ó ń bọ́ wọn, ó ń kọ́ wọn ní òwò. Ṣùgbọ́n àwọn tí wọ́n lẹ́wà jù nínú wọn ni ó ń fà fún àwọn aṣojú ilé-iṣẹ́, òyìnbó àti ènìyàn dúdú, gẹ́gẹ́ bí ìyàwó tàbí àlè. Nígbà tí ọjà bá wọ́n, tí àwọn mìíràn ń tò sẹ́nu ọ̀nà sọ́ọ̀bù, ẹni tí ọmọ ilé rẹ̀ wà ní ilé máníjà kì í tò. Ó mọ ohun tí ọkọ̀ gbé dé kí ọjà tó mọ̀. Bẹ́ẹ̀ ni ó ṣe dìde ju àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ lọ.

Kí ni kí a wí sí i? Àwọn kan yóò sọ pé bí ayé ti rí nígbà náà ni, àti pé àwọn ọmọbìnrin kan rí ayé jẹ nípasẹ̀ rẹ̀, wọ́n di oníṣòwò, wọ́n di ìyá ilé. Ó lè rí bẹ́ẹ̀. Àwọn mìíràn yóò sọ pé òwò ẹrú tí ìjọba ti fi òfin dè ni ó tún wọ ilé láti ẹ̀yìnkùlé. Èyí pàápàá ní òtítọ́ nínú. Ohun tí ó ká àwa lára nìyí: orúkọ Joseph àti Peter wà nínú ìwé ìtàn, orúkọ ilé-iṣẹ́ wà níbẹ̀, orúkọ àwọn ọkọ rẹ̀ méjèèjì wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n bí a bá wá orúkọ àwọn ọmọbìnrin wọ̀nyí, òfo ni. Àwọn àgbà wa tí wọ́n yá ìwọ̀fà ni wọ́n kan náà pa á lówe pé bí a ti bí ẹrú ni a bí ọmọ. Wọ́n mọ̀, síbẹ̀ wọ́n ń ṣe é. Ẹ má ṣe jẹ́ kí a yára sọ òkò lu obìnrin Osomari náà ju bí a ti sọ ọ́ lu ara wa lọ.

Ayé òwò tún yí padà. Ọ̀nà mọ́tò là wọ inú igbó, ojú irin ti Port Harcourt dé Enugu ní ọdún 1916, àwọn ilé-iṣẹ́ òyìnbó sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí sọ́ọ̀bù tiwọn káàkiri. Ní ọdún 1920, Lever ra Niger Company. Ní ọdún 1929, a pa á pọ̀ mọ́ òmíràn, ó di UAC. Ọdún 1929 yìí kan náà ni ọ̀dá owó bo gbogbo ayé, iye epo àti ẹkùrọ́ já wálẹ̀, ọ̀pọ̀ alágbàtà ilẹ̀ wa sì wọ gbèsè. Okwei kò bá wọn rì. Ó ti rí i pé ẹsẹ̀ kan kò tó dúró lé. Ó ń ta iyùn àti eyín erin, èyí tí àwọn tí ń jẹ oyè ń fẹ́ lọ́nàkọnà, òyìnbó kò sì lè bá a du ọjà náà. Ó ń yáni lówó, èlé rẹ̀ sì ga. Ó ra ọkọ̀ akẹ́rù àti ọkọ̀ ojú omi, ó ń fi wọ́n ṣòwò, ó sì ń fi wọ́n háyà. Ó ra ilẹ̀ ní Onitsha, ó kọ́ ilé lé e. A tún kà á mọ́ àwọn tí ó kọ́kọ́ ní ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ tiwọn ní ìlú náà. Ẹni tí ó fi igbá adìyẹ bẹ̀rẹ̀ ti di ẹni tí ń gbowó lọ́wọ́ àwọn tí ilé tiwọn wà níbẹ̀ kí ó tó dé.

Ní oṣù Kẹjọ ọdún 1935, wọ́n fi í jẹ Omu Osomari. Oyè yìí yẹ kí ó yé wa dáadáa, nítorí ó sún mọ́ Ìyálóde tiwa. Omu kì í ṣe olorì ọba. Olórí gbogbo obìnrin ni. Òun àti ìgbìmọ̀ àwọn ìyá tí ó yí i ká ni wọ́n ń ṣàkóso ọjà, tí wọ́n ń parí ìjà láàárín àwọn ọlọ́jà, tí wọ́n ń tọ́jú ìmọ́tótó ibi tí a ti ń tajà, tí wọ́n sì ń gbé ohùn obìnrin dé iwájú ọba. Ní Onitsha fúnra rẹ̀, kò tíì sí Omu mìíràn láti ìgbà tí Omu Nwagboka ti kú ní òpin ọ̀rúndún kọkàndínlógún. Nígbà tí Okwei jẹ tirẹ̀, agbára oyè náà ti ń fò lọ díẹ̀díẹ̀, nítorí ìjọba òyìnbó ń gba àkóso ọjà sí ọwọ́ ìgbìmọ̀ ìlú tí ọkùnrin kún inú rẹ̀. Ó jókòó lórí àga tí a ń yọ ẹsẹ̀ rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ọdún 8 ni ó lò lórí rẹ̀. Ní ọdún 1943, ó kú ní Onitsha, ó fi ilé, ilẹ̀ àti owó sílẹ̀. Àwọn ará ìlú gbẹ́ ère rẹ̀, wọ́n sì fi orúkọ rẹ̀ pe òpópó kan. Àlejò ti di àmì ìlú.

Nísinsìnyí, ẹ jẹ́ kí a padà sí ìbéèrè wa. Ǹjẹ́ olóore ni Okwei? Ó ṣí ọ̀nà fún ọ̀pọ̀ obìnrin láti tajà, ó fún wọn láwìn nígbà tí kò sí báńkì kan tí yóò wo ojú wọn. Oore ńlá ni èyí, a kò gbọ́dọ̀ sọ pé nítorí pé ó jèrè níbẹ̀, kì í ṣe oore. Àgbàdo tí alágbàtà tà fún ebi ṣì ń pa ebi. Ṣùgbọ́n oore tí ó ń padà wá bá olúwa rẹ̀ lójoojúmọ́ nínú ìwé gbèsè, òṣùwọ̀n rẹ̀ yàtọ̀ sí ti oore tí a kò retí padà.

Ẹ wo obìnrin mìíràn tí ó tẹ̀lé e lórí ọ̀nà kan náà. Mary Nzimiro, ọmọ bíbí Oguta, tí a bí ní ọdún 1898, lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ àwọn Sísítà, ó sì kọ́ òwò epo lọ́dọ̀ ìyá tirẹ̀. Òun náà fi ìlú rẹ̀ sílẹ̀, ó lọ tẹ̀dó sí Port Harcourt. Ní ọdún 1948, UAC fi í ṣe aṣojú wọn àgbà ní Ìlà-Oòrùn Nàìjíríà. Ó sì ní sọ́ọ̀bù aṣọ àti ohun ìṣaralóge tirẹ̀ ní Port Harcourt, Aba àti Owerri. Ọmọbìnrin rẹ̀, Priscilla, kọ́ iṣẹ́ dókítà ní Yunifásítì Glasgow, ṣùgbọ́n kò pẹ́ lẹ́yìn náà tí ikú fi mú un lọ. Kí ni ìyá ṣe? Ó dá ilé-ẹ̀kọ́ sílẹ̀ fún ìrántí ọmọ tí ó sọnù. Ó sọ ẹkún rẹ̀ di kíláàsì fún ọmọ ọlọ́mọ. Nígbà tí ogun abẹ́lé jà láàárín ọdún 1967 sí 1970, ó pàdánù ọ̀pọ̀ jù lọ nínú ohun ìní rẹ̀ ní ìlú náà, ó sì padà sí Oguta, níbi tí ó kú sí ní ọdún 1993. Ogun gba ilé, ogun gba sọ́ọ̀bù. Ẹ̀kọ́ tí ó ti wọ orí àwọn ọmọ wọ̀nyẹn, ogun kò rí i gbà.

Ogun kan náà fọ́ Onitsha túútúú. A fọ́ afárá Odò Ọya tí a parí ní ọdún 1965, ọjà ńlá jóná, nígbà tí àlàáfíà sì dé ní ọdún 1970, £20 péré ni a fún oníkálukú tí ó ní owó ní báńkì, ìbáà jẹ́ pé ẹgbẹẹgbẹ̀rún ni ó ti fi pamọ́. Báwo ni ìlú náà ṣe tún dìde? Ọ̀nà kan pàtàkì ni ètò ọmọ-iṣẹ́ tí àwọn ará wa Ìgbò ń lò. Ọ̀gá á mú ọmọ lọ́dọ̀ òbí rẹ̀, ọmọ náà á sìn ín fún ọdún mélòó kan, á kọ́ òwò. Nígbà tí ọdún bá pé, ọ̀gá á fún un ní owó tàbí ọjà tí yóò fi dá dúró, àwọn ẹbí á sì pé jọ láti jẹ́rìí. Ẹ fi èyí wé ìwọ̀fà. Àwọn méjèèjì jọra ní ìbẹ̀rẹ̀: ọmọ kékeré, ilé onílé, iṣẹ́ àṣekára. Òpin ni ó ya wọ́n. Gbèsè baba ni ó de ìwọ̀fà mọ́lẹ̀. Ọmọ-iṣẹ́ ní ọjọ́ tí a ti dá fún òmìnira rẹ̀ àti ìpín tí a ti ṣèlérí fún un. Dájúdájú, àwọn ọ̀gá kan wà tí wọ́n ń lé ọmọ jáde láì fún un ní kọ́bọ̀ nígbà tí ọjọ́ ìpín bá kù fẹ́ẹ́rẹ́. Ẹni tí ó ṣe bẹ́ẹ̀ ti sọ ọmọ-iṣẹ́ padà di ìwọ̀fà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ń lọ sí ilé ìsìn lójoojúmọ́.

A fẹ́ sọ ohun kan tí ó ṣẹlẹ̀ sí àwa fúnra wa. Ní ọjọ́ kan, a lọ bẹ ìdílé oníṣòwò kan wò. Wọ́n jẹ́ ènìyàn dáadáa, ọwọ́ wọn sì là. Ọmọbìnrin kan tí kò lè ju ọdún 11 lọ gbé omi wá fún wa, ó sì kúnlẹ̀. A béèrè orúkọ rẹ̀. Kí ó tó la ẹnu, ìyá ilé ti dáhùn pé, “Ẹ má dà á láàmú, Fadá, ọmọ ọ̀dọ̀ wa ni.” A mu omi náà, a gbàdúrà fún ilé náà, a sì jáde. Inú mọ́tò ni a wà kí a tó rántí pé a kò gbọ́ orúkọ ọmọ náà. A kò padà lọ béèrè. Àwa tí a ń bá Okwei wí pé àwọn ọmọbìnrin ilé rẹ̀ kò ní orúkọ nínú ìwé, àwa náà mu omi lọ́wọ́ ọmọ kan láì mọ orúkọ rẹ̀.

Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti wà ní ilẹ̀ wa láti ọdún 2003. Kò burú, ṣùgbọ́n òfin kì í wọ ilé ìdáná. Ẹ̀yin ìyá tí ẹ ní sọ́ọ̀bù ní Balógun, ní Dùgbẹ̀, ní Onitsha, ẹ̀yin tí ọmọ ọlọ́mọ ń bá yín gbé igbá, ẹ̀yin nìkan ni ẹ lè mú un ṣẹ níbẹ̀. Ẹ bi ara yín ní ohun mẹ́ta péré. Ọjọ́ wo ni ọmọ yìí yóò parí iṣẹ́ lọ́dọ̀ wa? Kí ni yóò mú lọ ní ọjọ́ náà? Ṣé ó sì mọ̀ ọ́n? Bí ẹ bá rí ìdáhùn sí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, olùkọ́ ni yín. Bí ẹ kò bá rí ọ̀kan, ẹ mọ orúkọ tí ìtàn ń pe ohun tí ẹ ń ṣe.

Nítorí náà, ìdáhùn wa sí ìbéèrè àkọ́kọ́ nìyí. Àlejò tí ó là ní ìlú onílùú jẹ ìlú náà ní gbèsè, nítorí pé ìgbẹ́kẹ̀lé àwọn ènìyàn ibẹ̀ ni ó fi là. A kì í fi owó nìkan san gbèsè ìgbẹ́kẹ̀lé. Ènìyàn ni a fi ń san án: ọmọ tí ó wọ ilé wa pẹ̀lú ọwọ́ òfo, tí ó sì jáde lọ pẹ̀lú iṣẹ́ lọ́wọ́, orí pípé, àti ẹsẹ̀ tirẹ̀ láti fi rìn. Okwei san díẹ̀ nínú gbèsè náà, ó sì tún jẹ òmíràn lé e lórí. Ère rẹ̀ wà ní Onitsha. Ó yẹ ẹ́. Bí ẹnikẹ́ni nínú yín bá kọjá níbẹ̀, kí ó wò ó pẹ̀lú ọ̀wọ̀, nítorí obìnrin náà ṣiṣẹ́, ó ní ọgbọ́n, ó sì ní ìgboyà. Lẹ́yìn náà, kí ó rántí àwọn tí kò sí ère fún, kí ó sì lọ sílé lọ béèrè orúkọ ọmọ tí ń gbé omi fún un.

Ó dìgbà kan ná. Kí Ọlọ́run bùkún òwò yín, kí Ó sì tún ilé yín ṣe. Àmín.